Fẹ̀hìntọlá Lọ Wádìí Bàbá Gaetano

Irun ni gbogbo àdúgbò Wedding ní Berlin mọ̀ pé Fẹ̀hìntọlá ń dì. Bí o bá bọ́ sílẹ̀ nínú ọkọ̀ ojú irin U6, tí o rìn díẹ̀ ní Müllerstraße, wàá rí ṣọ́ọ̀bù rẹ̀: àga mẹ́ta, dígí méjì, àti tẹlifíṣọ̀n kan tí kì í dákẹ́. Ṣùgbọ́n irun wulẹ̀ jẹ́ iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀ ni. Iṣẹ́ tí Ọlọ́run torí rẹ̀ dá a gan-an ni ìwádìí. Bí ọmọ ẹnì kan bá fẹ́ ṣègbéyàwó, tí àwọn òbí fẹ́ mọ irú ilé tí ọmọ wọn ń wọ̀, bóyá wèrè wà níbẹ̀, bóyá olè wà níbẹ̀, bóyá ọkọ ìyàwó ti ní ìyàwó mìíràn sí Düsseldorf, Fẹ̀hìntọlá ni wọ́n ń rán. Ó ti tú àdéhùn méje ká, ó ti so mọ́kàndínlógún pọ̀, kò sì sí ẹni tó tíì padà wá sọ pé, "Ẹ̀gbọ́n, ẹ purọ́ fún wa."

Òfin kan ṣoṣo ló ní: kò gbọdọ̀ jẹ, kò gbọdọ̀ mu, nínú ilé tó bá lọ wádìí. Omi lásán pàápàá, rárá. Ó máa ń sọ pé, "Bí mo bá ti jẹ ẹran wọn tán, ẹnu wo ni mo fẹ́ fi wá sọ pé olè ni wọ́n?"

Nígbà tí Akínwọlé já wọ ṣọ́ọ̀bù yìí ní ọ̀sán Sátidé kan nínú oṣù kẹjọ ọdún 2018, tó ń gbọn fóònù bí ẹni tí ejò wé mọ́ lọ́wọ́, kò sẹ́ni tó bi í bóyá irun ló wá dì. Orí rẹ̀ pá.

Akínwọlé ni ọkọ Oyèníkẹ́, ọmọ àbúrò bàbá Fẹ̀hìntọlá. Ẹnjiníà ni ní Spandau, alàgbà sì ni nínú ṣọ́ọ̀ṣì aláṣọ funfun tó wà lẹ́yìn ṣọ́ọ̀bù náà. Ọmọ kan ṣoṣo ló bí, Motúnráyọ̀, nọ́ọ̀sì, ẹni ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n.

"Ẹ̀gbọ́n, wọ́n ti pa mí!"

"Ta ló pa yín, Bàbá Motúnráyọ̀? Ẹ jókòó ná."

"Vincent! Ọmọkùnrin tí ọmọ mi ní òun fẹ́ fẹ́. Ẹ sọ fún mi, ọmọ ibo ni?"

"Wọ́n ní ọmọ Amẹ́ríkà ni."

"Amẹ́ríkà wo? Ọmọ Ítálì ni! Ọmọ Ítálì ti New York! Ẹ̀gbọ́n, Màfíà ni wọ́n!"

Obìnrin tí Fẹ̀hìntọlá ń dirun fún sún orí wá kí ó lè gbọ́ dáadáa. Akínwọlé bẹ̀rẹ̀ àlàyé, nítorí kò sí fíìmù Màfíà tí kò tíì wò, ó tilẹ̀ wo àwọn mìíràn lẹ́ẹ̀mẹ́ta. Ó ní àwọn ọmọ Ítálì kan ti pín New York mọ́ra wọn lọ́wọ́ ní ìdílé-ìdílé. Ìdílé yìí ló ni èbúté, ìdílé yẹn ló ni kọnkéré, àwọn ti ọ̀hún ló ni ìdọ̀tí kíkó. Ìdílé kọ̀ọ̀kan ní bàbá ìsàlẹ̀ kan tí kì í gbé ohùn sókè. Tó bá ti mi orí báyìí, ẹnì kan ti kú nìyẹn.

Ó mi orí kí wọ́n lè rí i. Oníbàárà náà gbá àyà mú.

"Ṣé Vincent yìí ti mi orí rí?" Fẹ̀hìntọlá bèèrè.

"Kọ̀ǹpútà ló ń tẹ̀ ní Kreuzberg. Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ ná. Mo bi í pé bàbá rẹ̀ ńkọ́, ó ní ó ti kú. Mo ní bàbá bàbá rẹ̀ ńkọ́, ó ní ó wà ní Hamburg, ó ń se oúnjẹ fún àwọn òṣìṣẹ́ èbúté. Mo wá ní, kí ló gbé e kúrò ní New York? Ẹ mọ ohun tí ọmọ yẹn sọ? Ó ní, 'Bàbá àgbà kì í fẹ́ sọ ọ́.' Kì í fẹ́ sọ ọ́, Ẹ̀gbọ́n!"

Ibẹ̀ ni Motúnráyọ̀ ti já wọlé, tòun ti aṣọ iṣẹ́ ọsibítù lọ́rùn. Láti ibùdókọ̀ ló ti ń sá tẹ̀ lé bàbá rẹ̀.

"Papa, das ist so peinlich! Ẹ ń dójú tì mí!" Ó kúnlẹ̀ wọ̀ọ̀ níwájú Fẹ̀hìntọlá. "Ẹ káàsán mà. Big Mummy, ẹ jọ̀ọ́. A ti gba Termin ìgbéyàwó wa ní Standesamt, lọ́dọ̀ ìjọba, ọjọ́ kẹrìnlá oṣù tó ń bọ̀. Termin, mà! Ní Berlin!"

Ẹni tó bá rí Termin, ọjọ́ tí ìjọba dá fúnni, gbà ní Berlin, ó yẹ kó gbé ọpẹ́ lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì.

"Ṣùgbọ́n mi ò ní lọ láìjẹ́ pé Daddy súre fún mi," ọmọ náà wí. "Tí wọ́n bá ní rárá, rárá náà nìyẹn."

Akínwọlé ò lè wo ojú ọmọ rẹ̀. Ó yíjú sí Fẹ̀hìntọlá. "Ẹ bá mi lọ sí Hamburg. Tí ẹ bá padà wá sọ pé ilé yẹn mọ́, màá súre. Ṣùgbọ́n tí àbàwọ́n bá wà níbẹ̀, kó kéré bí orí abẹ́rẹ́, wọ́n á dá Termin padà."

Ní ìdájí ọjọ́ Túsìdeè, Fẹ̀hìntọlá wọ ọkọ̀ ojú irin lọ sí Hamburg. Ó múra bí ẹni tí kò fẹ́ kí wọ́n dá òun mọ̀. Ó wọ kóòtù dúdú nítorí atẹ́gùn èbúté, ó lo awò dúdú nítorí oòrùn, ó sì wọ ìbọ̀wọ́ dúdú nítorí kẹ́míkà irun ti bó o lọ́wọ́. Nígbà tó sọ̀ kalẹ̀ nínú ọkọ̀ ojú omi ní apá ibi tí àwọn kọ́ńténà wà, ọmọdé kan rí i, ó sì lọ sápamọ́ sẹ́yìn ìyá rẹ̀.

Kì í lọ bá ẹni tó fẹ́ wádìí ní tààrà. Onígbàjámọ̀ ló kọ́kọ́ ń bá, nítorí ọkùnrin tí wọ́n bá ti so aṣọ mọ́ lọ́rùn, tí wọ́n ń fá lórí, kò sí ohun tí kò ní sọ. Ó bi onígbàjámọ̀ àdúgbò náà ní ìbéèrè rẹ̀ ọlọ́jọ́ pípẹ́: ṣé bàbá tó ń ta oúnjẹ lọ́hùn-ún ń dá gbé ni? Aago mélòó ló máa ń ti ilẹ̀kùn? Ṣé ó ní ọ̀tá? Ṣé ilé oúnjẹ yẹn ní ilẹ̀kùn ẹ̀yìn? Kò gbàgbé ilẹ̀kùn ẹ̀yìn láé, nítorí ibẹ̀ ni obìnrin kejì máa ń gbà jáde. Onígbàjámọ̀ náà dáhùn wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́, kò sì bojú wò ó nígbà kankan.

Lẹ́yìn náà ló pàdé Mọ́ṣúdù, ọmọ Ìṣẹ́yìn kan tó ń gbé ẹrù ní èbúté, tó ṣẹ̀ṣẹ̀ parí Schicht, iṣẹ́ òru rẹ̀.

"Bàbá Gaetano kẹ̀? Èèyàn gidi ni, mà. Nígbà tí mo dé, tí mi ò tíì ríṣẹ́, oṣù méjì gbáko ni mo fi jẹun níbẹ̀ lọ́fẹ̀ẹ́."

"Ìwà rẹ̀ ńkọ́?"

"Ó dáa gan-an. Àfi pé..." Mọ́ṣúdù họ orí. "Kì í kẹ̀yìn sí ilẹ̀kùn. Tí mọ́tò bá sì ṣe gbàmù níta báyìí, abẹ́ tábìlì ló máa ń wà. Ó ti mọ́ wa lára, mà. A kàn máa ń na ṣíbí sí i níbẹ̀ ni."

Fẹ̀hìntọlá rántí ojú Motúnráyọ̀ lórí ìkúnlẹ̀. "Yé," ó wí sínú, "ọmọ yìí ti pàdánù Termin."

Ilé oúnjẹ náà kò ju tábìlì mẹ́fà lọ. Aago mẹ́wàá òwúrọ̀ ni, kò sí ẹnì kankan níbẹ̀ àfi bàbá arúgbó kan, kúkúrú, onírunmú funfun, tó so épírọ́ọ̀nù mọ́dìí. Ẹni ọdún méjìdínlọ́gọ́rin ni. Bí Fẹ̀hìntọlá ṣe wọlé, bàbá náà wo kóòtù dúdú, ó wo awò dúdú, ó wo ìbọ̀wọ́ dúdú. Ó rìn lọ síbi ilẹ̀kùn jẹ́jẹ́, ó ti i, ó sì yí pátákó rẹ̀ padà sí "A ti palẹ̀mọ́."

Kò bi í lórúkọ. Ó gbé àwo makaróní kan síwájú rẹ̀, tòmátì pupa lórí, ẹja lẹ́gbẹ̀ẹ́, òórùn rẹ̀ gbòde.

Jámánì ni wọ́n fi ń bára wọn sọ̀rọ̀. Gaetano ń sọ tirẹ̀ bí ẹni ń kọrin, Fẹ̀hìntọlá ń sọ tirẹ̀ bí ẹni ń gúnyán.

"Ẹ jẹun, Sìnyórà."

"Ẹ ṣé, bàbá. Mi ò ní jẹ."

"Díẹ̀ péré."

"Rárá."

"Kọfí ńkọ́?"

"Rárá, bàbá."

"Omi?"

"Bàbá, mi ò ní fi ẹnu kan nǹkankan nínú ilé yìí!"

Ojú Gaetano funfun bí èlùbọ́ gbáàgúdá. Ó tú épírọ́ọ̀nù, ó ká a dáadáa, ó fi sórí àga. Ó bọ́ òrùka wúrà kan ní ìka rẹ̀, ó gbé e kalẹ̀ síwájú Fẹ̀hìntọlá.

"Ogójì ọdún ni mo ti ń retí yín," ó wí. "Mi ò mọ̀ pé obìnrin tó rẹwà báyìí ni yóò jẹ́."

Ẹnu Fẹ̀hìntọlá yà. Ó ti di ọdún mẹ́sàn-án tí ọkọ rẹ̀ ti kú, kò sì sí ẹni tó tíì bá a sọ irú ọ̀rọ̀ yìí láti ìgbà náà, àfi wòlíì kan ní ṣọ́ọ̀ṣì tó jẹ́ pé owó ọkọ̀ ló ń wá.

"Bàbá, ẹ ní sùúrù..."

"Mo ní sùúrù tó. Ẹ jẹ́ ká lọ sí etí omi. Mi ò fẹ́ kó jẹ́ ibi tí àwọn èèyàn ti ń jẹun."

"Àwọn ọmọ Ítálì!" Fẹ̀hìntọlá wí nínú ara rẹ̀. Ṣùgbọ́n ó tún awò rẹ̀ tò, ó sì tẹ̀ lé e. Ìwádìí ni, àbí kí ni?

Ní etí omi, lẹ́yìn òkìtì kọ́ńténà kan, Gaetano dúró. Ó kẹ̀yìn sí i. Ó tún yí padà. "Rárá o. Mo fẹ́ máa wo ojú yín." Ó kúnlẹ̀ lórí orúnkún kan, èkejì tẹ̀ lé e. Ó di ojú, ó na ọrùn sókè. "Ẹ ṣe é kíá."

Ó ti tó! Fẹ̀hìntọlá fi báàgì gbá a létí. Bíbélì wà nínú báàgì náà, agolo ìpara irun ńlá kan náà sì wà níbẹ̀. Gaetano ṣubú gbì, ó nà gbalaja sórí kọnkéré, kò mira.

Lẹ́yìn ìgbà díẹ̀, ó la ojú kan. "Ṣé mo ti kú?"

"Ẹ ò tíì kú, ṣùgbọ́n ẹ máa kú! Arúgbó bíi tiyín, ẹnu ń yún yín láàárọ̀ kùtùkùtù!"

"Ìbọn dà?"

"Ìbọn wo?"

"Èyí tí ẹ fẹ́ yìn fún mi."

"Kí n yìnbọn fún yín nítorí kí ni? Vincent, ọmọ ọmọ yín, ló fẹ́ fẹ́ ọmọ àbúrò mi!"

Ẹyẹ omi kan ké lókè. Gaetano dìde jókòó. "Ta ló wá rán yín?"

"Akínwọlé. Ní Spandau."

Bàbá náà ronú títí. "Spandau," ó wí, "mi ò gbọ́ orúkọ ìdílé yẹn rí ní New York."

Ẹ̀rín ló pa Fẹ̀hìntọlá. Ó rín títí ó fi jókòó sílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, tòun ti kóòtù. Bàbá wá ṣàlàyé fún un. Nínú iṣẹ́ tí òun ṣe rí, bí ẹnì kan bá ń bèèrè ìgbà tí o ń tilẹ̀kùn àti ibi tí ilẹ̀kùn ẹ̀yìn wà, a jẹ́ pé wọ́n ti rán ẹni náà sí ọ. Onígbàjámọ̀ ti sọ fún òun lórí fóònù. Síbẹ̀ òun ò sá, òun kàn gbé oúnjẹ kalẹ̀ láti fi mọ̀. Wọn ò lè jẹ oúnjẹ rẹ tán kí wọ́n tún pa ọ́. Ìgbà tó sì wá kọ omi lásán, òun mọ̀ pé ó ti parí, ni òun fi bọ́ òrùka kalẹ̀, òun jọ̀wọ́ ara òun.

Fẹ̀hìntọlá nu ojú. "Ó dáa. Ìyẹn yé mi. Ṣùgbọ́n bàbá, èmi tí mo jókòó yìí, kò sẹ́ni tí mò ń retí pé yóò wá pa mí. Kí lẹ ṣe?"

Gaetano sọ gbogbo rẹ̀ fún un. Òótọ́ ni, òun wà nínú ọ̀kan nínú àwọn ìdílé náà. Ọdún mẹ́sàn-án ni òun fi wa ọkọ̀ búrẹ́dì tó jẹ́ pé sìgá tí wọn ò san owó orí lé lórí ló wà nísàlẹ̀ rẹ̀. Ní ọdún 1978, bàbá ìsàlẹ̀ ní kí òun lọ dáná sun ilé oúnjẹ ọkùnrin kan tó kọ̀ láti máa fún wọn lówó. Òun gbé gálọ́ọ̀nù epo débẹ̀, òjò ń rọ̀. Ìyàwó onílé oúnjẹ rí òun lẹ́nu ọ̀nà, ó rò pé ebi ló ń pa òun. Ó fà òun wọlé, ó gbé àwo kalẹ̀. Òun jẹ ẹ́ tán.

"Mo gbìyànjú," ó wí. "Mo padà síta, mo gbé epo náà dání. Ọbẹ̀ rẹ̀ ṣì wà lẹ́nu mi. Mo da epo náà sínú ọkọ̀ mi, mo wà á dé èbúté, mo sì bá ọkọ̀ ojú omi tó kọ́kọ́ ń lọ ṣe kúùkù. Hamburg ló ń lọ. Ọmọ mi ọkùnrin kù sẹ́yìn pẹ̀lú ìyá rẹ̀. Mi ò fojú kàn án mọ́ títí ó fi kú. Ó di ọdún méjì sẹ́yìn kí Vincent tó ṣí ilẹ̀kùn mi, abẹ́ tábìlì ló sì bá mi."

Fẹ̀hìntọlá bi í pé, "Àwọn tí ẹ ń sá fún, ṣé wọ́n ṣì wà?"

"Bàbá ìsàlẹ̀ ti kú. Ọmọ rẹ̀ ti kú. Ọmọ ọmọ rẹ̀ ń bá wọn ta ilé ní Florida."

"Kí wá lẹ ń bẹ̀rù?"

Gaetano gbé èjìká sókè. "Ó ti mọ́ mi lára."

Ó bẹ̀ ẹ́ pé kó padà wá jẹun. Fẹ̀hìntọlá kọ̀ jálẹ̀. "Mi ò tíì jábọ̀. Ẹ bù ú sínú kúlà. Tí mo bá ti sọ tẹnu mi tán ní Spandau, ó di tèmi."

Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kejì, lẹ́yìn iṣẹ́, wọ́n jókòó sí pálọ̀ Akínwọlé ní Spandau: Akínwọlé, Oyèníkẹ́ ìyàwó rẹ̀, àti Motúnráyọ̀ tó ń jẹ èékánná. Vincent ti lọ bá bàbá àgbà rẹ̀ ní Hamburg, wọ́n ń retí ìpè. Fẹ̀hìntọlá gbé kúlà kalẹ̀, ó sì rò gbogbo rẹ̀, sìgá, búrẹ́dì, epo, àwo oúnjẹ. Kò yọ ọ̀kan sílẹ̀. Ibi báàgì nìkan ló fò.

Akínwọlé fò dìde. "Mo wí bẹ́ẹ̀! Mo wí bẹ́ẹ̀! Onífàyàwọ́! Ẹ dá Termin padà! Ọmọ mi kò ní wọ ilé onífàyàwọ́. Ìdílé tiwa, láti orí bàbá ńlá mi..."

Motúnráyọ̀ bú sẹ́kún.

"Akínwọlé," ni Fẹ̀hìntọlá wí.

Gbogbo wọn wò ó. Kò pè é lórúkọ rí. Bàbá Motúnráyọ̀ ló máa ń pè é.

"Akínwọlé, ta ni bàbá Oyèníkẹ́ rán lọ ṣèwádìí rẹ ní ọdún 1989?"

"Mi... mi ò mọ̀, Ẹ̀gbọ́n."

"Èmi ni. Mo lo ọjọ́ mẹ́ta ní Ìdíìrókò, omi lásán mi ò mu ní agbo ilé yín. Bàbá bàbá rẹ ńkọ́? Ẹ̀ẹ̀melòó ló kú?"

Akínwọlé rọra jókòó.

"Wie? Báwo ni ẹ̀ẹ̀melòó?" Motúnráyọ̀ ti gbàgbé ẹkún.

"Ẹ̀ẹ̀mẹsàn-án, láàárín ọdún méjì," Fẹ̀hìntọlá dá a lóhùn. "Gbogbo ìgbà tó bá kú, Kútọnu ló ń kú sí, wọ́n á sì gbé pósí rẹ̀ gba bodè kọjá wálé. Àwọn aṣọ́bodè á ṣí fìlà fún òkú. Sìgá ló kún inú pósí fọ́fọ́. Akínwọlé, ọ̀dọ́kùnrin wo ló máa ń rìn níwájú pósí, tó ń sunkún?"

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ fi Ọlọ́run bò mí láṣìírí..."

"Wọ́n ní kò sẹ́ni tó mọ ẹkún sun bíi tìrẹ ní gbogbo bodè yẹn. Wọ́n ní ọ̀gá aṣọ́bodè kan sọ̀ kalẹ̀ lórí àga rẹ̀, ó bá ọ sunkún."

Akínwọlé yíjú sí ìyàwó rẹ̀ bí ẹni tó ń retí ìdájọ́. Oyèníkẹ́ ń já okùn ara aṣọ rẹ̀.

"Mo mọ̀," ó wí.

"O mọ̀?"

"Bàbá mi sọ fún mi kí wọ́n tó gbà. Wọ́n ní ọkùnrin tó lè sunkún báyẹn nítorí oúnjẹ ilé, kò ní jẹ́ kí ebi pa mí. Àti pé, Akin, bàbá bàbá rẹ bá wa jó níbi ìgbéyàwó. Kí lo rò pé mo rò?"

Motúnráyọ̀ ló kọ́kọ́ bú sẹ́rìn-ín. Àárín ẹ̀rín yẹn ni fóònù rẹ̀ dún, ojú Gaetano sì yọ nínú rẹ̀, tìbẹ̀rùtìbẹ̀rù, Vincent lẹ́yìn rẹ̀. Ní Gẹ̀ẹ́sì, bàbá náà tọrọ àforíjì. Ó ní sìgá tí òun kó nígbà náà, kó má ṣe di ẹ̀ṣẹ̀ sọ́rùn àwọn ọmọ. Inú ọkọ̀ búrẹ́dì lásán ni àwọn kó o sí.

Akínwọlé fẹ́ dákẹ́. Ẹ rí i pé ó gbìyànjú.

"Búrẹ́dì?" ó wí níkẹyìn. "Wọn kì í yẹ̀ ẹ́ wò ni?"

"Wọ́n máa ń mú un jẹ. Àwọn ọlọ́pàá méjì kan jẹ ẹ́ títí wọ́n fi kan sìgá."

"Ẹ ò rí nǹkan! Pósí kò ṣeé mú jẹ!"

"Pósí?"

Akínwọlé fa àga súnmọ́ fóònù. Ó ṣàlàyé rẹ̀. Gaetano gbá orí mú. "Vincent! Gbọ́ ohun tí àna rẹ ń sọ! Pósí! Ọdún mẹ́sàn-án ni mo fi wa ọkọ̀, gbogbo olórí ìdílé New York jókòó yí tábìlì ká, kò sẹ́ni tó ronú kan pósí!"

"Kì í ṣe pósí nìkan, bàbá! Ẹkún ni! Láìsí ẹkún, igi lásán ni pósí. Ẹ wò ó, báyìí la ṣe máa ń ṣe é." Ó já gèlè kúrò lórí ìyàwó rẹ̀, ó dì í mọ́ ìbàdí, ó gbé ọwọ́ méjèèjì lérí. "Yéèè! Bàbá mi o! Ta ni yóò máa pè mí lọ́mọ mọ́ o!"

"Daddy," Motúnráyọ̀ dá sí i, "Termin ńkọ́?"

"Ẹ lọ, ẹ lọ, Ọlọ́run á bù sí i, ẹ ó bímọ lọ́kùnrin lóbìnrin, ẹ jẹ́ kí n dé ibi ọ̀gá aṣọ́bodè! Yéèèè!"

Motúnráyọ̀ wó mọ́ Fẹ̀hìntọlá lọ́rùn. Fẹ̀hìntọlá fi ọwọ́ kan dì í mú, ó fi èkejì ṣí kúlà. Akínwọlé ti ń yí lórí rọ́ọ̀gì, omijé gidi ń bọ́ lójú rẹ̀, Gaetano náà ń nu ojú ní Hamburg, nígbà tí wọ́n kan ilẹ̀kùn.

Oyèníkẹ́ lọ ṣí i. Frau Lehmann, aládùúgbò wọn láti ìsàlẹ̀ ni, ó wọ bàtà inú ilé, ó já òdòdó mẹ́ta dání láti inú ìkòkò ojú fèrèsé rẹ̀. Ó ní òun gbọ́ ohùn wọn, òun sì wá bá wọn kẹ́dùn.

"Ẹ ṣé o, Frau Lehmann," Oyèníkẹ́ wí. "Kò sẹ́ni tó kú. Ọmọ wa ló fẹ́ ṣègbéyàwó."

Obìnrin náà yọjú wo pálọ̀. Ó wo Akínwọlé tó ń fi orí gbálẹ̀ lórí rọ́ọ̀gì, ó sì rẹ ohùn sílẹ̀.

"Ó dà bíi pé ọkọ ìyàwó náà burú gan-an?"

"Rárá o," ni Oyèníkẹ́ wí, tó ń gba òdòdó lọ́wọ́ rẹ̀. "Ọkọ mi fẹ́ràn àwọn àna wa ni. Ẹ wọlé, makaróní wà."